Ohun Tí Iná Kò Gbọdọ̀ Kàn

Títí di òní, bí òórùn ewé eéran gbígbóná bá ta sí mi nímú, kì í ṣe mọ́ínmọ́ín ló kọ́kọ́ ń wá sí mi lọ́kàn. Kòkó ni, àti dàbínù tí a gé wẹ́wẹ́, àti ìyá bàbá mi lórí àpótí ní ilé ìdáná wa ní Yábà, tí ọkàn wọn balẹ̀ bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ ọmọ kúrò nínú ewu.

Ìgbà tí wọ́n ń kọ́ gbọ̀ngàn eré ńlá ní Iganmu ni. Owó epo rọ̀bì kún ìlú, kẹrosíìnì tí a ó fi se ìrẹsì ni a kò rí. Àwọn èèyàn á to agolo wọn sílẹ̀ níwájú ilé epo, wọ́n á fi okùn so wọ́n mọ́ra kí ẹnikẹ́ni má baà já síwájú ẹnìkejì. Mo wà ní kíláàsì karùn-ún nílé ẹ̀kọ́ girama àwọn obìnrin. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni mí, mo sì gbà tọkàntọkàn pé ìwọ̀nba díẹ̀ ló kù tí ayé fẹ́ kọ́ mi.

Bàbá mi, akọ̀wé rélùwéè ní Ìdó, ti parí èrò lórí ọ̀rọ̀ mi: típíìsì ni. Wọ́n ní ọmọ tó bá mọ típíráítà tẹ̀ kò ní wá iṣẹ́ tì láéláé. Èmi ní iṣẹ́ oúnjẹ ni mo fẹ́. Wọ́n ní oúnjẹ sísè kì í ṣe iṣẹ́, pé gbogbo obìnrin àdúgbò ló ń sè é láìgba ìwé ẹ̀rí. Ìyá mi, tí wọ́n jẹ́ nọ́ọ̀sì, ló bá mi bẹ̀ wọ́n títí tí wọ́n fi rọ̀ díẹ̀: bí Mísì tó ń kọ́ wa ní ìtọ́jú ilé bá lè kọ lẹ́tà pé ọwọ́ mi yàtọ̀, wọn á jẹ́ kí n lọ sí ilé ẹ̀kọ́ tí wọ́n ti ń kọ́ iṣẹ́ oúnjẹ òtẹ́ẹ̀lì. Bẹ́ẹ̀ lẹ́tà kan ṣoṣo ni Mísì máa ń kọ lọ́dún, fún ọmọ kan ṣoṣo.

Mísì yìí tẹ́ẹ́rẹ́, wọn kì í sì í rẹ́rìn-ín lásán. Bí wọ́n bá tọ́ ọbẹ̀ wò, ojú wọn kì í sọ nǹkan kan fún ọ. Lọ́dún náà, wọ́n ní nítorí ọ̀wọ́n kẹrosíìnì, ìpanu tí a lè gbé fún àlejò láìdáná ni a óò ṣe wá láti ilé lọ́jọ́ Ẹtì. Wọ́n ti fi ọ̀nà kan hàn wá ní kíláàsì: kí a lọ bisikíìtì kúnná, kí a pò ó mọ́ kòkó, mílíìkì, bọ́tà àti èso gbígbẹ, kí a ṣù ú, kí a sì gbé e sínú fíríìjì kó le. Olúkúlùkù lè fi ọgbọ́n tirẹ̀ kún un. Òfin kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀: iná kò gbọdọ̀ kàn án.

Mo múra sí i bí ẹni tó fẹ́ ṣègbéyàwó. Èmi fúnra mi ni mo lọ sí Ìdó lọ ra dàbínù lọ́wọ́ Hausa tó ń pàtẹ rẹ̀ sẹ́bàá ibi tí ọkọ̀ ojú irin ti ń sọ ẹrù Òkè Ọya kalẹ̀. Mo bẹ ìyá mi, wọ́n fún mi ní ìdajì èso àjàrà gbígbẹ tí wọ́n tọ́jú sínú kọ́bọ́ọ̀dù de kéèkì Kérésìmesì. Agolo kòkó wa kò ju ààbọ̀ lọ, mo gbọ̀n ọ́n tán pátápátá. Ní ọ̀sán Ọjọ́bọ̀, mo rẹ dàbínù sómi, mo yọ kóró inú rẹ̀, mo gé e, mo gún un díẹ̀, mo pò ó mọ́ ìyókù. Mo wá fi àtẹ́lẹwọ́ yí i róbótóróbótó, mẹ́rìnlélógún géérégé. Bí mo ṣe ń yí i ni mò ń rí ara mi nínú aṣọ funfun àti fìlà gíga, tí àwọn ọkùnrin olókọ́ọ̀tù ń béèrè ta ló se irú oúnjẹ báyìí.

Ìyá bàbá mi, tí gbogbo wa ń pè ní màmá, jókòó, wọ́n ń wò mí. Wọ́n ti Ògbómọ̀ṣọ́ wá tọ́jú ojú wọn, wọ́n sì ti lo ọ̀sẹ̀ méjì lọ́dọ̀ wa. Ọkọ mi ni wọ́n máa ń pè mí, gẹ́gẹ́ bí obìnrin ilé wa ti í pe ọmọ tí a bí sínú ilé ọkọ wọn. Wọ́n mú agolo òfìfo náà, wọ́n gbọ́ òórùn rẹ̀, wọ́n béèrè bóyá kòkó tí a ń sá lórí ẹní náà nìyí. Mo ní òun ni. Wọ́n ní bàbá àgbà mi ru àpò kòkó títí èjìká wọn fi bó, wọn kò mọ bó ṣe ń rí lẹ́nu títí wọ́n fi kú.

Mo kó mẹ́rẹ̀ẹ̀rìnlélógún sínú fíríìjì. Aago márùn-ún ti fẹ́ẹ́ lù, a sì ní ìfidánrawò orin ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo ti wọ bàtà tán nígbà tí màmá tún pè mí.

"Ọkọ mi, ṣé nǹkan yìí ti jinná?"

"Rárá, Mà. Wọn kì í sè é. Tútù la ń jẹ ẹ́."

"Tútù?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, Mà. Tútù ni màá gbé e fún Mísì."

Mo sì jáde. Àwọn àgbà ní pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ là ń lá ọbẹ̀ tó gbóná. Kò sẹ́ni tó sọ fún mi pé ó yẹ kí a fara balẹ̀ pẹ̀lú ohun tó tutù náà. Ẹrù méjì ni ọ̀rọ̀ yẹn rù nínú èdè wa: ohun tí òtútù mú, àti ohun tí iná kò tíì sè. Èmi ọmọ Èkó, fíríìjì ló wà lọ́kàn mi. Màmá tí wọ́n ti Ògbómọ̀ṣọ́ wá gbọ́ ẹran tútù, wọ́n gbọ́ ẹja tútù, wọ́n gbọ́ ọmọ tó fẹ́ gbé oúnjẹ àìjinná lọ fún tíṣà rẹ̀ nítorí pé ó ń kánjú lọ kọrin.

Nígbà tí mo padà dé ní aago méje, òórùn ewé ló pàdé mi lẹ́nu ọ̀nà. Ìkòkò wà lórí sítóòfù, omi inú rẹ̀ ń hó. Màmá ti tú gbogbo ohun tí mo ṣù ká, wọ́n ti pọ́n ọn sínú ewé eéran tí ìyá mi rà de mọ́ínmọ́ín ọjọ́ Àìkú. Wọ́n ṣàlàyé fún mi pẹ̀lú sùúrù pé bí wọ́n ṣe kọ́kọ́ gbé e kaná ló ń yọ́, kò fẹ́ dì, ni wọ́n bá fọ́ ẹyin méjì sí i, ó sì gbọ́ràn. Wọ́n ní àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Gbogbo kẹrosíìnì tó kù nínú ilé ló wà lábẹ́ ìkòkò náà.

Mo wo inú fíríìjì. Kò sí nǹkan kan níbẹ̀ àfi omi àti ata.

"Ẹ ti bà á jẹ́, Mà," ni mo wí. Mo sì jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, mo ń sunkún bí ọmọ ọwọ́.

Màmá dìde. Wọ́n pa iná. Wọ́n tú ewé kan, wọ́n fẹ́ ẹ, wọ́n nà án sí mi. Mo gbọn orí. Wọ́n dì í padà, wọ́n gbé e tì mí lẹ́gbẹ̀ẹ́, wọ́n sì wọ yàrá lọ.

Nígbà tí ìyá mi ti ibi iṣẹ́ dé, mo rò ó fún wọn. Wọ́n kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, lẹ́yìn náà ni wọ́n béèrè ohun tí mo sọ fún màmá gan-an. Mo tún un sọ. Wọ́n ní, "Ìwọ lo sọ pé tútù ni. Kí lo fẹ́ kí wọ́n gbọ́?" Gààrí ni gbogbo wa mu lálẹ́ ọjọ́ náà. Kò sí kòkó mọ́, kò sí dàbínù, ṣọ́ọ̀bù tó wà ní Sábó sì ti tì. Kí n tó lọ sùn, mo tú ewé tí màmá gbé tì mí. Ó rọ̀, ó tutù díẹ̀, dàbínù inú rẹ̀ ti wú, ewé ti fi òórùn rẹ̀ sí i lára. Ó dùn. Ó bí mi nínú pé ó dùn.

Ní ọjọ́ Ẹtì, mo to ewé mẹ́wàá sínú àwo, mo gbé e lọ, nítorí pé ọwọ́ òfìfo burú jù ú lọ. Àwa méje la gbé tiwa kalẹ̀ lórí tábìlì. Nígbà tó kàn mí, Mísì tú ewé kan, wọ́n fi ọ̀bẹ gé e, wọ́n jẹ ẹ́. Wọ́n nu ọ̀bẹ náà.

"Èyí ti jinná."

"Bẹ́ẹ̀ ni, Mà."

"Kí ni mo wí nípa iná?"

"Ẹ ní kò gbọdọ̀ kàn án, Mà."

Ọ̀rẹ́ mi kan sọ lábẹ́lẹ̀ pé mọ́ínmọ́ín oníkòkó rèé, gbogbo kíláàsì sì bú sẹ́rìn-ín. Mísì béèrè ẹni tó sè é. Mo ti fẹ́ sọ pé ìyá bàbá mi ni. Ṣùgbọ́n mo wo bí wọ́n ṣe ń rẹ́rìn-ín, mo sì rí i pé bí mo bá dárúkọ màmá, màmá ni wọ́n máa fi ṣẹ̀sín títí a ó fi parí ilé ẹ̀kọ́. Mo ní èmi ni.

"Ó dùn," ni Mísì wí. "Kì í ṣe ohun tí mo ní kí ẹ ṣe." Wọ́n sì kọjá sí ẹni tó kàn. Ọmọ tó fi àgbọn kún tirẹ̀ ló gba lẹ́tà. Nígbà tí mo padà lọ gbé àwo mi lẹ́yìn tí gbogbo ènìyàn ti jáde, ewé mẹ́wàá ni mo bá nínú rẹ̀, wọ́n ti ká wọn jọ dáadáa. Kò sí nǹkan kan nínú wọn.

Màmá ló jókòó sẹ́nu ọ̀nà nígbà tí mo délé. Ìyá mi ti sọ fún mi lójú fèrèsé pé wọn kò jẹun láti àárọ̀. Wọ́n wo àwo ọwọ́ mi, wọ́n wo ojú mi.

"Ọkọ mi, kí ni tíṣà yín wí?"

Mo lè sọ nípa lẹ́tà. Mo lè sọ nípa ẹ̀rín. Mo kúnlẹ̀, mo gbé àwo náà sílẹ̀ níwájú wọn.

"Wọ́n ní ó ti jinná, Mà. Wọ́n jẹ ẹ́ tán."

Màmá mí kanlẹ̀. Wọ́n ní àwọn mọ̀, pé tíṣà gidi kò ní fẹ́ oúnjẹ tútù. Wọ́n wá béèrè bóyá ohun jíjẹ wà nílé.

Mo lọ kọ́ iṣẹ́ típíìsì. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ni mo fi tẹ lẹ́tà àwọn ẹlòmíràn ní ọ́fíìsì kan, bàbá mi kò sì parọ́, n kò wá iṣẹ́ tì lọ́jọ́ kan. Nígbà tí a lọ sin màmá ní Ògbómọ̀ṣọ́, ìyá arúgbó kan tí n kò mọ̀ rí di ọwọ́ mi mú, wọ́n béèrè bóyá èmi ni ọmọ tí ìyá àgbà rẹ̀ se oúnjẹ òyìnbó fún tíṣà ní Èkó, tí tíṣà sì jẹ ẹ́ tán. Mo ní èmi ni.

Bí àwọn ọmọ ọmọ mi bá wá lo ọlidé, oríṣi méjì ni mo máa ń ṣe. Ti inú fíríìjì, mo ti mọ bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ báyìí: mo máa ń sọ fún wọn pé òtútù ló ń sè é. Ti inú ewé, ẹyin méjì ni. Lọ́dún tó kọjá, àbíkẹ́yìn wọn mú ọ̀kan sí ọwọ́ ọ̀tún, ó mú ọ̀kan sí ọwọ́ òsì, ó bi mí èwo ni ti gidi nínú méjèèjì.

Mo ní èyí tó jinná ni.