Orúkọ Tí Màmá Kò Jẹ́ Pè

Táyà ni mo kọ́kọ́ rí. Ọ̀dọ́kùnrin kan ń yí i bọ̀ láàárín èrò, èkejì ẹ̀ gbé kẹ́ẹ̀gì bẹntiróòlù dání, ẹnu ọ̀nà ọ́fíìsì mi ni wọ́n kọrí sí. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń kéde nínú ọjà ní Ìkòtún níbí. Mo ti rí ìjà, mo ti rí olè tí wọ́n lù bí ẹni lu bàrà, ṣùgbọ́n wọn ò gbé táyà wá bá mi rí.

Èmi ni wọ́n ń pè ní Ìyá Akéde. Lásìpíkà wà lórí òpó, máìkì wà lọ́wọ́ mi. Ẹni tí kọ́kọ́rọ́ ẹ̀ sọnù, ẹni tí wọ́n ń wá nílé, ọ̀dọ̀ mi ni wọ́n ń wá. Àmọ́ ọmọ tó sọnù ni olórí iṣẹ́ mi. Bí wọ́n bá ti gbé ọmọ dé, orúkọ ni màá kọ́kọ́ bi í, torí orúkọ ló ń sọ èdè tí mo máa fi kéde fún mi. Bó bá ní Nkechi lòun, mo mọ̀ pé ti Ọlọ́run ni wọ́n ní kó jẹ́, màá bẹ̀rẹ̀ Íbò mi tí ò já gaara. Tàlátù? Ọmọ Haúsá tí wọ́n bí lọ́jọ́ Àtàlátà nìyẹn. Bó bá jẹ́ Òkáfọ̀, ọjọ́ ọjà wọn tó ń jẹ́ Afọ̀ ni wọ́n bí babańlá ẹ̀. Mo máa ń sọ fún irú wọn pé ọjà lẹ ti wá, ẹ ò lè sọnù sọ́jà. Abíọ́nà wa náà ńkọ́? Ojú ọ̀nà ni ìyá ẹ̀ bí i sí, òun náà ò sì yéé rìn kiri.

Ṣùgbọ́n n kì í pe orúkọ ọmọ lórí máìkì láéláé. Aṣọ ẹ̀ ni màá sọ, bàtà ẹ̀ ni màá sọ. Orúkọ yẹn, èmi àti Alága ọjà nìkan la máa mọ̀ ọ́n. Ẹni tó bá wá gba ọmọ ló máa fẹnu ara ẹ̀ pè é. Ọ̀gá tó kọ́ mi níṣẹ́ ló kìlọ̀ fún mi: "Gbọ́mọgbọ́mọ tó bá gba orúkọ lẹ́nu rẹ, á gba ọmọ lọ́wọ́ rẹ."

Láàárọ̀ ọjọ́ tí mò ń sọ yìí, wọ́n gbé ọmọkùnrin kékeré kan wá, ó wọ bùbá àǹkárá aláwọ̀ ewé, bàtà ẹsẹ̀ kan ti bọ́ sọnù. Ó sọ orúkọ ẹ̀ sí mi létí, mo sọ ọ́ sí Alága létí, mo kéde. Kò pẹ́ ni màmá àgbàlagbà kan já wọlé, gèlè ẹ̀ ti tú, ó ń mí hẹlẹ.

"Ọkọ mi dà? Ẹ gbé ọkọ mi fún mi o!"

Ọmọ rí i, ó figbe ta, ó sì sá wọ abẹ́ tábìlì.

"Màmá, ẹ fara balẹ̀. Kí lorúkọ ọmọ?"

"Ọkọ mi ni."

"Mo gbọ́, ọkọ yín ni. Orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ ńkọ́?"

Ó wolẹ̀. "Ọkọ mi ni mo ń pè é."

Ẹnìkan tó ń yọjú lójú fèrèsé ló ké sóde: "Kò mọ orúkọ ọmọ! Ọmọ ń sá fún un! Gbọ́mọgbọ́mọ ni!" Ọ̀rọ̀ bẹ́yìn yọ. Kí n tó mọ̀, èrò ti yí wa ká. Mo sáré ti géètì onírin, mo fi kọ́kọ́rọ́ sí i. Alága, bàbá onígaàrí tó ti dàgbà, dúró síta, ó na apá méjèèjì. "Ẹ ṣe sùúrù, jàre! Ẹ jẹ́ ká gbọ́ tẹnu ẹ̀ ná!" Òkúta ti ń dún lórí páànù gbàà, gbàà. Ìgbà yẹn ni mo rí táyà.

Ìbẹ̀rù tó bá mi, ọ̀nà méjì ló gbà wọlé. Bí mo bá ṣílẹ̀kùn, wọ́n á dáná sun ìyá yìí lójú mi. Bí mo bá ní òun ló ni ọmọ, tó wá jẹ́ gbọ́mọgbọ́mọ lóòótọ́ ńkọ́? Ẹni tó bí ọmọ á máa wá a kiri títí ayé. Gbọ́mọgbọ́mọ kì í kọ ọ́ síwájú orí, àgbà sì ń bẹ nínú wọn.

Mo dì í lọ́wọ́ mú. "Ìyá mi, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín, ẹ pe orúkọ yìí. Wọ́n ti gbé táyà dé."

Ó ní, "Mùsílíù ọmọ mi ló bí i. Àdúgbò Baruwa ni ìyá ẹ̀ ti ń tọ́ ọ, àná ni wọ́n mú un wá kí mi, kò tíì mọ̀ mí. Orúkọ ọkọ mi tó kú ni wọ́n sọ ọ́. Mi ò pe ọkọ mi lórúkọ rí. Látọjọ́ tí mo ti bí Mùsílíù fún un ní Ògbómọ̀ṣọ́, Bàbá Mùsílíù ni mò ń pè é títí wọ́n fi sin ín."

Mo mọ àṣà yẹn. Ìyá ìyá mi kì í pe ọmọdé ilé ọkọ ẹ̀ pàápàá lórúkọ. Akọ́wé, Ìdílẹ̀kẹ̀, ohun tó ń pè wọ́n nìyẹn. Àmọ́ ta ló sọ pé olè ò lè fi àṣà bojú? Orúkọ náà wà lórí ahọ́n mi. Bí mo bá fi sí i létí, ó bọ́ nìyẹn, àbí kó jẹ́ pé èmi ni mo fọwọ́ ara mi gbé ọmọ ọlọ́mọ fún gbọ́mọgbọ́mọ. Mo pa ẹnu mọ́.

Wọ́n ti ń fi irin já géètì, òórùn bẹntiróòlù ti wọlé. Mo tan máìkì, mo gbé e sí i lẹ́nu. "Màmá, ẹ má jẹ́ kí wọ́n sun yín."

Ó rọra kúnlẹ̀, eékún méjèèjì, bí ẹni tí ọkọ ẹ̀ jókòó níwájú ẹ̀. Ó ní, "Bàbá Mùsílíù, ẹ foríjì mí o." Ó wá pè é.

"Làmídì. Làmídì Àyìndé."

Lásìpíkà gbé e ká gbogbo ọjà. Omijé ń dà lójú ẹ̀. Ọmọ yọrí lábẹ́ tábìlì, ó ní, "Mà?"

Alága fi igbe bọnu níta: "Orúkọ tí ọmọ sọ nìyẹn! Òun ló ni ọmọ! Kẹ́nikẹ́ni má fọwọ́ kàn án!"

Mo ṣí géètì. Ẹni tó yí táyà wá ló kọ́kọ́ dọ̀bálẹ̀ gbalaja. "Màmá, ẹ má bínú. Ọ̀rọ̀ ọmọ ló dùn wá."

Màmá ti pọn ọkọ ẹ̀ sẹ́yìn. Kò bú u, kò ṣépè. Ó ní, "Dìde. Kí lorúkọ rẹ, kí n lè fi ọ́ sádùúrà?"

Ó la ẹnu. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó wo máìkì ọwọ́ mi, ó sì dìde láìfọhùn. Màmá kọjú sí ẹni tó gbé kẹ́ẹ̀gì: "Ìwọ ńkọ́, ọmọ mi?" Ìyẹn fẹ̀yìn rìn wọ àárín èrò. Ó wá ẹni tó ń yọjú lójú fèrèsé lẹ́ẹ̀kan, ìyẹn ti lọ. Gbogbo àwọn tó ń pariwo pé kò mọ orúkọ ọmọ, kò sẹ́nì kan nínú wọn tó lè pe tiẹ̀.