Ohùn Tó Há Nínú Àwo Orin Wa

Ọdún kejì tí mo dé Atlanta ni mo bẹ̀rẹ̀ sí í purọ́ fún ìyàwó mi. Kò sí obìnrin nínú irọ́ náà. Gìtá béèsì ló wà nínú rẹ̀, pẹ̀lú àgbàlagbà òyìnbó mẹ́ta àti ilé ọtí kan ní Tucker.

Ìyàwó mi ló ṣáájú mi dé. Nọ́ọ̀sì ni ní ilé ìwòsàn kan ní Marietta, ní ẹ̀ka tí wọ́n ti ń tọ́jú etí, imú àti ọ̀fun. Nígbà tí ìwé àṣẹ mi jáde, mo fi iṣẹ́ olùkọ́ sílẹ̀ ní Ìbàdàn, mo wá bá òun àti àwọn ìbejì wa. Iṣẹ́ tí mo kọ́kọ́ rí ni ti ilé ìkẹ́rùsí ní Tucker, níbi tí a ti ń to táyà ọkọ̀. Lọ́jọ́ Sunday, èmi ni mo ń ta béèsì ní ṣọ́ọ̀ṣì wa. Ìyàwó mi ló ń darí ẹgbẹ́ akọrin.

Bàbá kan wà níbi iṣẹ́ wa tó ti lé ní ọgọ́ta ọdún, òun ló ń wa ọkọ̀ tó ń gbé ẹrù sókè. Lọ́jọ́ kan tí a ń jẹun ọ̀sán, mo ń fi ìka lu tábìlì, mo sì ń kun orin tí a máa kọ ní Sunday. Bàbá náà gbójú sókè.

"Béèsì lo ń ta yẹn, àbí?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà."

"Ẹni tó ń ta á fún wa ti kó lọ sí Florida. Wá bá wa ta á ní Saturday."

Mo rò pé ilé rẹ̀ ni mò ń lọ. Nígbà tí mo débẹ̀ ni mo rí i pé ilé ọtí ni. Ó ti lé ní ogún ọdún tí wọ́n ti ń kọ orin rọ́ọ̀kì níbẹ̀ ní gbogbo ọ̀sán Saturday. Bàbá yìí ló ń kọrin. Àbúrò rẹ̀ obìnrin, tó ń wa bọ́ọ̀sì iléèwé, ló ń lu ìlù. Ẹni tó ni ilé ọtí ló ń ta gìtá. Orin wọn kò ní àṣejù kankan: orin iṣẹ́ ni, orin ọkọ̀ tó kọ̀ tí kò ṣíná, orin ìyàwó tó kẹ́rù lọ. Ohùn bàbá náà há, àfi bí ìgbà tí èèyàn ń wọ́ àga lórí sìmẹ́ńtì, síbẹ̀ tó bá ti ya ẹnu, ẹni tó gbé ife sẹ́nu á gbé e kalẹ̀. Mo fẹ́ràn wọn lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ rí wọn. Nígbà tí mo délé, mo sọ fún ìyàwó mi pé wọ́n fún mi ní overtime.

Overtime yẹn gùn tó ọdún kan àbọ̀.

Àbúrò bàbá náà ló ní ká ṣe àwo orin, kí àwọn ọmọ-ọmọ àwọn lè rí nǹkan gbọ́. Inú ilé ọtí náà la ti gba ohùn sílẹ̀ ní ọ̀sán mẹ́rin. A tilẹ̀kùn, a fi kóòtù bo fèrèsé kí ariwo ọkọ̀ má bàa wọlé. Obìnrin kan láti West End, tó máa ń bá àwọn akọrin ṣọ́ọ̀ṣì ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, ló kó ẹ̀rọ wá. Nígbà yẹn, ohùn bàbá ti há ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Tó bá kọ orin kan tán, á wúkọ́, á mu omi gbígbóná pẹ̀lú oyin. Ó ní ká dúró kí ọ̀fun òun yá díẹ̀ ná. Obìnrin náà ní, "Ẹ má dúró rárá. Ohùn yìí gan-an ló dára." Èmi náà mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni.

Ìwọ̀nba díẹ̀ la ṣe, pé ká máa tà á fún àwọn tó ń wá síbẹ̀. Òṣìṣẹ́ rédíò kan ra ọ̀kan, ó sì gbé e sáfẹ́fẹ́ láàárọ̀ ọjọ́ kejì. Kí oṣù náà tó parí, àwọn èèyàn ti ń kọ̀wé sí wa láti ìlú tí a ò dé rí. Àwo tí a ṣe tán, a tún tẹ púpọ̀ sí i, ìyẹn náà tán. Ilé ọtí kò gba èrò mọ́. Ọ̀rọ̀ ohùn bàbá ni gbogbo wọn ń sọ. Ẹnì kan kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn pé ohùn náà ti rí ayé.

Ní Wednesday kan, mo dé láti ibi iṣẹ́, mo bá ìyàwó mi ní kíṣìnnì, kò tíì bọ́ aṣọ nọ́ọ̀sì rẹ̀.

"Bàbá Ìbejì, ẹ káàbọ̀. Ẹ wá wo overtime yín."

Àwòrán ẹ̀yìn àwo wa ló wà lórí fóònù rẹ̀, èmi rèé tí mo gbé gìtá kọ́rùn. Aláìsàn kan tó ń gbọ́ orin náà ló fi hàn án.

"Ṣé ẹ ń mutí níbẹ̀ ni?"

"Rárá o. Omi ni."

"Kí ló wá dé tí ẹ ò sọ fún mi?"

"Mo rò pé o máa ní kí n má lọ."

"Ǹ bá sọ bẹ́ẹ̀ lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ fúnra mi."

Mo bẹ̀ ẹ́. Ó tan orin náà lórí fóònù, ó gbé e sétí. Mo rò pé ọ̀rọ̀ inú orin ló fẹ́ bá mi wí lé lórí.

"Ìgbà wo ni ohùn bàbá yìí ti rí báyìí?"

"Bó ṣe máa ń rí nìyẹn."

"Mi ò bi yín bó ṣe máa ń rí. Ìgbà wo?"

Mo ronú. Nígbà tí mo kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n, bó bá ń kọrin nìkan ni ohùn rẹ̀ ń há. Ní báyìí, kó kí mi káàárọ̀ lásán, ó ti há. Mo sọ ti ikọ́. Mo sọ pé ó máa ń pẹ́ kó tó gbé búrẹ́dì mì. Bí mo ṣe ń sọ ọ́ ni ojú ń tì mí, nítorí gbogbo rẹ̀ ló ṣojú mi.

Ní Saturday, ó tẹ̀ lé mi lọ sí Tucker. Kò wọ ilé ọtí rí láyé rẹ̀. Nígbà tí a sinmi díẹ̀, ó lọ bá bàbá náà. Ìyẹn yára dìde.

"Ẹ má bínú, madam. N ò mọ̀ pé ọkọ yín kò tíì sọ fún yín."

"Ìyẹn kọ́ ni mo bá wá, sà. Ṣé ó máa ń dùn yín tí ẹ bá ń gbé nǹkan mì?"

Ó rẹ́rìn-ín. "Ohùn yìí ni gbogbo àwọn wọ̀nyí torí ẹ̀ wá."

"Mo mọ̀, sà. Mo gbọ́ ọ, ó sì dùn. Ṣùgbọ́n irú rẹ̀ ni mò ń gbọ́ lẹ́nu iṣẹ́."

Àbúrò rẹ̀ gbé ọ̀pá ìlù kalẹ̀. Ó ní, "Ó ti tó oṣù mẹ́fà tí mo ti ń sọ fún un." Bàbá náà jókòó.

"Tí wọ́n bá gé ohùn yìí kúrò ńkọ́? Kí ló máa kù?"

"Ẹ̀yin lẹ máa kù, sà," ni ìyàwó mi wí.

Nígbà tí wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò nílé ìwòsàn, jẹjẹrẹ ọ̀fun ni, ṣùgbọ́n wọ́n tètè rí i. Wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ, wọ́n sì fi ìtànṣán tọ́jú rẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. A fagi lé ìrìn àjò sí àwọn ìlú tí wọ́n ti pè wá wá kọrin. Àwọn tó fẹ́ gbé àwo kejì jáde fún wa kò pè wá mọ́. Ìyàwó mi ń po ògì, mo ń gbé e lọ fún bàbá, nítorí kò lè gbé nǹkan líle mì. Kò fi í pamọ́ pé ó dùn mọ́ òun. Àbúrò rẹ̀ wá kọ́ bí wọ́n ṣe ń pò ó.

Oṣù karùn-ún lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ náà ló padà sórí ìtàgé. Ohùn tuntun náà tẹ́ẹ́rẹ́, ó rọ̀, bí ti ẹni tó ń sọ̀rọ̀ níbi tí ọmọ ọwọ́ ń sùn sí. Ó kọ ẹsẹ kan, ẹnì kan kígbe láti ẹ̀yìn pé kó kọ ọ́ bó ṣe wà nínú àwo. Àbúrò rẹ̀ dá ìlù dúró. Bàbá sún mọ́ máìkì.

"Tó bá jẹ́ tinú àwo lẹ fẹ́, ẹ ní in nílé. Èyí ni mo ní báyìí."

Àwọn kan dìde lọ. Àwọn tó kù fa àga sún mọ́ iwájú kí wọ́n lè gbọ́ ọ. Mo dín ohùn béèsì mi kù, kí n má bàa bò ó mọ́lẹ̀, a sì bẹ̀rẹ̀ orin náà láti ìbẹ̀rẹ̀.