Orin tí Wọ́n Gé Kúrò nínú Fíìmù Miss Odessa

Lọ́jọ́ Sátidé tó kọjá, nílé ọmọ mi ní ìlú Katy lẹ́bàá Houston, ìró fèrè kan ta sí mi létí láti pálọ̀. Ọmọ-ọmọ mi ló ń wo fíìmù àtijọ́ kan, tí àwọn onífèrè wọ kóòtù funfun, tí àwọn obìnrin sì ń jó bí ẹni tí kò léegun. Mo gbé abọ́ ẹ̀wà tí mò ń ṣà sílẹ̀. Miss Odessa ni mo rántí.

Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí, ọmọdé ni mí nígbà tí bàbá mi kó wa wá sí Houston torí ẹ̀kọ́ wọn. Miss Odessa ló ń gbé apartment tó kángun sí tiwa. Aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà ni wọ́n, wọ́n ga, wọ́n rí pẹ́lẹ́ńgẹ́, wọn kì í sì í jáde lọ da ilẹ̀ nù láìkun ètè wọn pupa. Ọ̀dọ̀ wọn la máa ń wà lẹ́yìn ilé ìwé títí màmá mi á fi ti ibi iṣẹ́ dé. Wọ́n á din ẹja fún wa, wọ́n á sì kọ́ wa bí a ṣe ń rìn bí ẹni tí gbogbo ayé ń wò. Àbúrò mi rìn bẹ́ẹ̀ títí ó fi forí gbá ilẹ̀kùn.

Nígbà èwe wọn, tí orin swing, orin ijó onífèrè ayé ìgbà náà, gba ìgboro kan, wọ́n lọ sí California, wọ́n bọ́ sínú fíìmù olórin. Kì í ṣe àwọn ni ọ̀gá eré. Ọmọ ọ̀dọ̀ tó ń gbé tíì wá ni wọ́n fi wọ́n ṣe, tí á kọ orin kan ṣoṣo kó tó padà sí kíṣìnì.

Lọ́jọ́ kan, màmá mi, tí Gẹ̀ẹ́sì wọn ò já gaara, ní kí n bi wọ́n léèrè ìdí tí wọ́n fi fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Miss Odessa rẹ́rìn-ín díẹ̀.

“Nígbà tí fíìmù mi dé Houston níbí, ìyá mi kó àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì lẹ́yìn lọ wò ó. Òkè la jókòó sí, níbi tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún aláwọ̀ dúdú. Mo gbé tíì wọlé lóòótọ́, ṣùgbọ́n bí mo ṣe la ẹnu báyìí, fíìmù ti fò síbòmíràn. Àwọn onísinimá ti gé orin mi dànù. Wọn ò fẹ́ kí àwọn òyìnbó ìsàlẹ̀ rí aláwọ̀ dúdú tó dá dúró tó ń kọrin bí ọ̀gá. Ìyá mi di ọwọ́ mi mú títí a fi délé. Láti ọjọ́ náà, ọkàn mi ò gbé iṣẹ́ yẹn mọ́.”

Mo túmọ̀ rẹ̀. Màmá mi kọjú sí mi.

“Sọ fún wọn pé kí wọ́n wá kọ ọ́ ní ìkórè wa.”

Inú gbọ̀ngàn tí a háyà ni ṣọ́ọ̀ṣì Aládùúrà wa wà nígbà náà. Miss Odessa wọ aṣọ aláwọ̀ ewé tó ń dán, wọ́n bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà bíi tiwa. Orin ìfẹ́ ni orin náà, kò sí Jésù níbẹ̀ rárá. Nínú orin náà, ọkùnrin kan ló wọ ọkọ̀ ojú irin lọ láìdágbére. Wòlíì wa tẹrí ba bí ẹni pé Sáàmù ni. Àwọn ìyá nínú sùtánà funfun ń mi orí. Ẹnì kankan ò dá Miss Odessa dúró. Nígbà tí wọ́n parí, màmá mi dìde.

“Ẹ tún un kọ, ẹ̀gbọ́n mi.”

Kò sẹ́ni tó túmọ̀ ìyẹn fún Miss Odessa. Wọ́n nu ojú wọn, wọ́n sì tún un kọ.

Wọ́n ti wó apartment wa yẹn. Ibi ìgbọ́kọ̀sí ló dà. Miss Odessa ti lọ, màmá mi náà ti tẹ̀lé wọn. Lónìí, ẹni tó bá ti ní fóònù ti di òṣèré, kò nílò kẹ́nì kan fún un láyè, inú mi sì dùn sí i. Ṣùgbọ́n nínú ẹbí wa, láti àdúgbò Mission Bend títí dé Katy, bí àgbà kan bá dá orin, kódà kí ohùn rẹ̀ ti ya, ẹnì kankan kì í dìde títí yóò fi parí.