Àárín Ọ̀tá Ni Wọ́n Sin Kajetan Sí

Ìbọn tiwa ló pa Kápútẹ́nì Kajetan Wolniewicz. Kí ẹnikẹ́ni má fi ọ̀rọ̀ dídùn bo èyí mọ́lẹ̀ fún yín. Kì í ṣe ìbọn ọba Ọ́sítíríà tí gbogbo wa jọ ń bá jà. Ìbọn ńlá àwa ará Họ́ngárì ni, èyí tó wà lórí òkè ọgbà àjàrà Sárvölgy, ní Ọjọ́bọ̀ tó kọjá, ní aago mẹ́wàá àárọ̀, tí ojú ọjọ́ mọ́ kedere. Nígbà tí wọ́n pa á tán, wọ́n wọ́ ọ lẹ́sẹ̀, wọ́n jù ú sí kòtò tí wọ́n gbẹ́ fún òkú àwọn ọ̀tá. Àná ni mo dé etí kòtò náà. Wọ́n ti da ẹfun lé wọn lórí.

Ta ni Kajetan? Ọmọ Póláńdì ni. Kí wọ́n tó bí i ni ọba mẹ́ta ti pín ilẹ̀ baba rẹ̀ mọ́ra wọn lọ́wọ́. Nígbà tó gbọ́ pé àwa náà ti dìde, pé a ò sìn mọ́, ó gun Siwka, abo ẹṣin rẹ̀ aláwọ̀ eérú, ó sọdá òkè nínú yìnyín wá bá wa. A ò ránṣẹ́ pè é o. Ọmọkùnrin mọ́kàndínlọ́gọ́rin ló tẹ̀ lé e wá, tàwọn tọ̀kọ̀ wọn.

Ilé Ìyá Borbála opó ló wọ̀ sí, ẹ̀gbẹ́ ilé tí mo ti ń tẹ ìwé ìròyìn yìí gan-an. Ọbẹ̀ ẹja ìyá yìí, ata inú rẹ̀ ò mọ àlejò.

"Ìyá, ẹja lẹ sè ni àbí iná?"

"Jẹ ẹ́ níbẹ̀! Ẹni tó ń sá fún ata, ṣé ìbọn ló máa wá dojú kọ?"

Á máa rẹ́rìn-ín, omi á máa dà lójú rẹ̀, á sì tún na àwo sí i pé kó fi kún un. Mo fẹ́ràn ọkùnrin náà. Kí n kúkú sọ ọ́ bẹ́ẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ohun tó pa á. Gbogbo wa la mọ̀ pé àwọn ẹlẹ́ṣin tiwa kì í lo ọ̀kọ̀, idà ni tiwọn. Àwọn ẹlẹ́ṣin ọba Ọ́sítíríà ló ń gbé ọ̀kọ̀, tí wọ́n ń dé fìlà onígun mẹ́rin, nítorí ọmọ Póláńdì tí ọba náà fi tipá kó pọ̀ láàrin wọn, aṣọ ilẹ̀ wọn ló sì fi ń wọ̀ wọ́n. Fìlà kan náà ni Kajetan àtàwọn ọmọ rẹ̀ ń dé. Oníbọn wa tó bá rí fìlà yẹn lókèèrè, ṣé orúkọ ló máa kọ́kọ́ béèrè?

Kajetan rí i ṣáájú gbogbo wa. Ó lọ sí ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń pín ohun èlò ogun, èmi náà bá a lọ. Ohun méjì péré ló béèrè: aṣọ pupa, funfun àti àwọ̀ ewé, àwọ̀ àsíá wa, tí wọ́n máa so mọ́ orí ọ̀kọ̀, àti kí wọ́n kà á sétí gbogbo oníbọn pé tiwa ni àwọn ọlọ́kọ̀ yìí. Májọ̀ Dobrossy, ọ̀gá ibẹ̀, ò tilẹ̀ dìde.

"Kápútẹ́nì, ṣebí ikú tó fẹ́ pani tó bá ṣí ni ní fìlà, ọpẹ́ là ń dá? Ẹ ṣí fìlà yẹn kúrò lórí, ọ̀rọ̀ parí."

"Májọ̀, irú rẹ̀ ni wọ́n dé fún baba mi nínú pósí. Bí ẹ bá fẹ́ ẹ, ẹ gba orí mọ́ ọn."

"Ẹ̀yin ará Póláńdì yìí! Agídí yín náà ló sọ yín di aláìnílẹ̀. Kò sí aṣọ."

Kò sí aṣọ! Lẹ́yìn ẹni tó ń sọ̀rọ̀ yìí, aṣọ aláwọ̀ mẹ́ta náà wà lójú fèrèsé, ó gùn láti òrùlé dé ilẹ̀, wọ́n fi ń kí àwọn aṣòfin káàbọ̀. Ó tó ọgọ́rùn-ún ọ̀kọ̀, ó tún ṣẹ́kù.

Mi ò ní purọ́ mọ́ òkú: ó lágídí. Mo bẹ̀ ẹ́ lọ́nà pé kó ṣí fìlà náà. Ó ní, "Ọba ló jí i lé àwọn ọmọ wa lórí. Bí mo bá ṣí i, mo ti fi sílẹ̀ fún un nìyẹn." Ó wá kọ ìkéde kan fún mi, pé tiwa ni àwọn ọlọ́kọ̀ yìí, ó ní kí n tẹ̀ ẹ́ jáde. Ẹ̀rù Májọ̀ bà mí. Ọjọ́ mẹ́sàn-án ni ìwé náà fi wà nínú àpótí mi. Èmi náà jẹ̀bi, mo gbà.

Ní Ọjọ́bọ̀, wọ́n lé ọ̀tá kúrò lórí afárá, wọ́n ń kọrin bọ̀ wálé. Sájẹ́ǹtì Maciej Sikora wà lẹ́yìn ọ̀gá rẹ̀. Ó ní, "Nígbà tí ìbọn àkọ́kọ́ dún, ọ̀gá gbé ọ̀kọ̀ sókè, ó ń fì í kí wọ́n lè mọ̀ wá. Wọ́n rò pé ó ń pàṣẹ ká kọ lù wọ́n ni." Ènìyàn mọ́kànlá ló kú. Àwọn tó ń kó òkú dé, àwọn náà wo fìlà. Kí ni wọ́n tún fẹ́ wò?

Gbogbo àwọn ọmọ Póláńdì yìí ló so iyẹ̀pẹ̀ ilé mọ́ ọrùn, nínú àpò kékeré, pé bí àwọn bá kú sílẹ̀ àjèjì, kí wọ́n dà á sí àwọn láyà. Maciej sáré dé etí kòtò láti da ti ọ̀gá rẹ̀ sí i. Ẹ̀ṣọ́ ní, "Ta ní ń ṣọ̀fọ̀ ọ̀tá? Padà!" Ìwé tó jáde láti ọ́fíìsì sọ pé kápútẹ́nì náà di àwátì, pé wọ́n á wádìí rẹ̀ lẹ́yìn ogun. Àwátì kẹ̀? Èmi mọ ibi tó wà. Siwka pàápàá mọ̀ ọ́n, nítorí wọn ò tíì rí i fà kúrò níbẹ̀.

Àná náà ni mo gun òkè lọ bá oníbọn kan. Inú rẹ̀ ń dùn. "Bàbá, ẹ ò rí i bí wọ́n ṣe ṣubú! Mọ́kànlá!" Mo sọ àwọn tí wọ́n jẹ́ fún un. Ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. "Kò sẹ́ni tó sọ fún wa," ló ń wí, "kò sẹ́ni tó sọ fún wa rárá."

Kò tíì sí títí di òní, ọjọ́ Ajé. Àwọn oníbọn wọ̀nyí ń lọ ní Ọjọ́rú, àwọn tuntun ń bọ̀, tí wọn ò mọ nǹkan kan. Àṣẹ sì ti dé: ní Ọjọ́bọ̀ yìí, mọ́kàndínláàádọ́rin tó ṣẹ́kù tún ń sọdá afárá náà, abẹ́ òkè náà ni wọ́n sì máa gbà padà. Mo bi Maciej bóyá wọ́n máa ṣí fìlà. Ó tún tẹ tirẹ̀ mọ́ orí dáadáa ni. Aṣọ ṣì wà lójú fèrèsé.

Májọ̀ Dobrossy, ẹ̀yin ni mo ń bá wí, ẹ̀yin àtàwọn tó fi yín sórí àga yẹn. Ẹ hú Kajetan jáde láàrin àwọn tó bá jà. Ẹ dúró ní gbangba, kẹ́ ẹ sọ ẹni tó pa á àti ẹni tí kò fún un láṣọ. Ẹ já aṣọ fèrèsé yín lónìí, kí oníbọn kọ̀ọ̀kan sì gbọ́ ìkéde kó tó di Ọjọ́bọ̀. Bí ẹ bá kọ̀, àgbàlagbà ni mí, mi ò ní ohun púpọ̀ tí mo ń sá fún mọ́: n óò dúró níwájú ẹnu ìbọn yẹn fúnra mi. Bí wọ́n bá ṣe ń gun ẹṣin bọ̀ ni n óò máa pe orúkọ wọn sókè lọ́kọ̀ọ̀kan: Maciej Sikora, Tadeusz Brzozka, Walenty Gajda, títí dé ẹni kọkàndínláàádọ́rin, kí ẹni tó bá fẹ́ tanná ran ìbọn náà lè mọ ọmọ ẹni tó fẹ́ pa.