Ẹja Tó Ń Jà Nínú Abọ́ Rissikatou

Ọdún kejìdínlógún rèé tí Rissikatou ti ń ta ẹja àrọ̀ lọ́jà Ṣábẹ̀, kò sì ta òkú ẹja fún ẹnikẹ́ni rí. Láàyè ló ń rà á lọ́wọ́ àwọn apẹja odò lọ́nà Kaboua, láàyè ló sì ń tà á nínú abọ́ omi. Èyí tí kò bá lè ta pútú mọ́, kò tún jẹ́ pàtẹ rẹ̀.

Àfi bí àwọn onífíìmù ṣe dé láti Kútọnu. Marcel lọ̀gá wọn, ọmọ Pobè kan tó wọ bàtà òjò nínú ọ̀gbẹlẹ̀, tó sì ń bá àgbàlagbà sọ̀rọ̀ bí ẹni pé etí wọn di. Ó ní fíìmù nípa odò àti oògùn òwú, apakòkòrò tí àwọn àgbẹ̀ ń fọ́n sóko òwú, làwọn ń ṣe. Ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi wà lọ́dọ̀ Rissikatou. Ó ń se ẹja fún wọn lọ́sàn-án, Marcel a jẹ ẹ́, a sì pọ́n ìka lá.

Ní ti oògùn, bó ṣe rí ló ṣe sọ ọ́: "Tí òjò bá gbá oògùn òwú lọ sódò, májèlé ni ẹja odò wa, èyí tó bá léfòó. A kì í fọwọ́ kàn án. Èyí tó ń jà là ń rà."

Marcel ń mi orí bí ọlọ́gbọ́n. Nígbà tí wọ́n wá fi fíìmù náà han ará ìlú, ojú Rissikatou kún ara ògiri, ohùn rẹ̀ ní: "Májèlé ni ẹja odò wa." Ó parí. Ìyókù, wọ́n ti gé e dànù.

Lọ́jọ́ ọjà tó tẹ̀ lé e, Moufidatou, oníbàárà rẹ̀ láti ìgbà omidan wọn, kọjá níwájú rẹ̀ lọ ra ẹja inú yìnyín. "Ìyá Latifou, ẹnu òrofó ní í pa òrofó," ló wí. Ọ̀rọ̀ náà dun Rissikatou dé egungun. Odidi oṣù kan lẹja rẹ̀ fi ń lúwẹ̀ẹ́ lásán, ó sì ti ń rò ó pé bóyá kóun fi ọjà sílẹ̀.

Ta ló tún yọ? Marcel àti kámẹ́rà rẹ̀! Ojú ò tilẹ̀ tì í.

"Màmá, a gbọ́ pé ọjà yín ti dákẹ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fọwọ́ lẹ́rán, kẹ́ ẹ sọ bí odò ṣe ba ayé yín jẹ́."

Rissikatou wò ó láti orí dé bàtà. Inú bí i, ó dìde, ó sì gbé ohùn sókè kí gbogbo ìsọ̀ lè gbọ́.

"Odò kọ́ ló ba ọjà mi jẹ́. Marcel, ọjọ́ mélòó lo fi jẹ ẹja mi?"

"Mẹ́ta, Màmá."

"Àwo mélòó lóòjọ́?"

 Ẹni tó ń bá Marcel gbé kámẹ́rà ló dáhùn: "Méjì-méjì ni."

"Ẹ̀yin ará ọjà, ẹ wá wò ó! Àwo májèlé mẹ́fà ló wà nínú ikùn yìí. Ẹ bá mi yẹ̀ ẹ́ wò, àbí òkú ló ń bá mi sọ̀rọ̀?"

Ọjà bú sẹ́rìn-ín. Moufidatou ló kọ́kọ́ sún mọ́ abọ́. Bó ṣe ti ọwọ́ bọ omi, àrọ̀ kan fi ìrù gbá a lọ́wọ́, omi sì ta sí bàtà òjò Marcel.

"Èyí gan-an ni mo fẹ́," ni Moufidatou wí.