Ọwọ́ Òsì Tí N Kò Lè Nà sí Ẹ̀gbọ́n

Ojú ọ̀run ni mo kọ́kọ́ rí. Mo nà gbalaja lórí pápá, akoto ṣì wà lórí mi, mo sì ń wo ọkọ̀ òfurufú kan tó ń sọ̀kalẹ̀ lọ sápá Malton. Ó ń lọ jẹ́jẹ́, bí ẹni tí kò jẹ ẹnikẹ́ni ní àlàyé. Oòrùn wà lójú mi, mo fẹ́ gbé ọwọ́ ọ̀tún láti fi ṣíji. Ọwọ́ ọ̀tún kò dá mi lóhùn. Mo bẹ òsì, òsì náà dákẹ́. Mo ní kí n mi ọmọ ìka ẹsẹ̀ wò, n kò tilẹ̀ mọ ibi tí wọ́n wọlé sí.

Dókítà ẹgbẹ́ wa kúnlẹ̀ tì mí.

"Mo fẹ́ tẹ ìka rẹ. Tó o bá ti mọ̀ ọ́n lára, sọ fún mi."

"Ẹ tẹ̀ ẹ́."

"Mo ti ń tẹ̀ ẹ́ tipẹ́."

Ibẹ̀ ni ẹ̀rù ti bà mí dé ibi tí ẹ̀rù kì í dé. Wọ́n máa ń sọ pé agbábọ́ọ̀lù kì í bẹ̀rù. Irọ́ ni. Ojoojúmọ́ ni mo ń bẹ̀rù, owó oṣù ni kì í jẹ́ kí n sọ ọ́ síta. Ṣùgbọ́n ẹ̀rù ọjọ́ yẹn yàtọ̀. Mo gbọ́ tí àwọn èrò ìwòran dákẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà, ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn, mo sì mọ̀ pé èmi ni wọ́n ń dákẹ́ fún.

Bọ́ọ̀lù tí mò ń wí kì í ṣe èyí tí à ń fi ẹsẹ̀ gbá nílé. Ti àwọn ará Amẹ́ríkà ni, èyí tó rí bí ìbẹ́pẹ tí kò tíì pọ́n. Àwọn ará Kánádà náà ń gbá a, wọ́n kàn mú pápá tiwọn fẹ̀ sí i, wọ́n sì fi ẹnì kan kún iye àwọn tó lè ṣe ọ́ léṣe. Kọ́tábáàkì ni mí. Kọ́tábáàkì ni ọpọlọ ẹgbẹ́, bí wọ́n ti ń wí. Ní tòótọ́, iṣẹ́ rẹ̀ ni kó dúró sẹ́yìn ọkùnrin ńlá kan tó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, kó ki ọwọ́ méjèèjì sábẹ́ ìdí rẹ̀, kó gba bọ́ọ̀lù, kó sì jù ú sí ẹni tó bá rí kí àwọn ọkùnrin ńláńlá mìíràn tó dé wá wó o mọ́lẹ̀.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí Mọ́mì wá wò mí ní yunifásítì, wọn kò rí ohun mìíràn.

"Káyọ̀dé, ọkùnrin tó ń bẹ̀rẹ̀ yẹn, kí lò ń wá ní ìdí ẹ̀?"

"Mọ́mì, bọ́ọ̀lù ni mò ń gbà."

"Kò lè fi ọwọ́ gbé e fún ẹ bí ènìyàn?"



Yìnyín ló gbé mi dénú iṣẹ́ náà. Malton, lẹ́bàá Toronto, là ń gbé, bàbá mi ń kó ẹrù ní ilé ìkẹ́rùsí kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ pápákọ̀ òfurufú, Mọ́mì sì ń tọ́jú àwọn arúgbó ní ilé ìtọ́jú. Ní sẹ́kọ́ńdìrì, mo fi ọwọ́ mọ yìnyín, mo jù ú láti ẹnu ọ̀nà, ó sì ṣí fìlà lórí olùkọ́ kan ní òdìkejì pápá. Mo rò pé wọ́n máa lé mi. Olùkọ́ náà ṣa fìlà rẹ̀, ó fi ojú wọn bí ọ̀nà náà ti jìn tó, ó wá ní kí n tún un jù.

Ní yunifásítì, kóòṣì wa jẹ́ ọkùnrin kúkurú kan tí irun imú rẹ̀ pọ̀ ju ti orí lọ. Lójú tirẹ̀, ọmọ aláwọ̀ dúdú kò yẹ ní kọ́tábáàkì.

"Ẹsẹ̀ rẹ gùn. Sísáré ló yẹ ọ́."

"Yes, sir."

Mo padà síbi tí mo wà, mo ń ju bọ́ọ̀lù mi. Ó tún dé.

"Ṣé o kò gbọ́ ohun tí mo wí ni?"

"Mo gbọ́, sir."

Bí a ṣe tọ́ mi nìyẹn. Àgbà ń sọ̀rọ̀, ọmọ ń ní yes sir, oníkálukú sì ń ṣe tirẹ̀. Kí ó tó yé kóòṣì, mo ti borí ìdíje méjì fún un, ó sì ti ń sọ fún àwọn oníròyìn pé òun ló rí ẹ̀bùn mi.

Ẹgbẹ́ Toronto tí wọ́n ń sanwó fún gbà mí lẹ́yìn náà, gẹ́gẹ́ bí kọ́tábáàkì kẹta nínú mẹ́ta. Iṣẹ́ ẹni kẹta ni kó dé fìlà, kó pàtẹ́wọ́, kó má sì sanra. Mo mọ iṣẹ́ yẹn dáadáa. Ó tù mí lára, kò sẹ́ni tó ń lé mi. Àfi bí orúnkún ẹni àkọ́kọ́ ṣe yẹ̀, tí ẹnì kejì sì ń ju bọ́ọ̀lù fún ọ̀tá bí ẹni pé ó jẹ wọ́n ní gbèsè. Kóòṣì yíjú sí mi, mo wo ẹ̀yìn mi bóyá ẹlòmíràn ló ń wò.

Ibẹ̀ ni Ẹ̀gbọ́n Dàpọ̀ ti wọ ọ̀rọ̀ yìí. Òun ló mọ bọ́ọ̀lù gbá mú jù nínú ẹgbẹ́. Courtice ló ń gbé pẹ̀lú ìyàwó àti àwọn ọmọ, ṣọ́ọ̀ṣì kan náà ni ìyá rẹ̀ àti ìyá mi ń lọ, ó sì jù mí lọ dáadáa lọ́jọ́ orí. Kí eré kọ̀ọ̀kan tó bẹ̀rẹ̀, gbogbo wa máa ń forí korí, èmi á sì sọ ohun tí oníkálukú máa ṣe. Ọ̀rọ̀ mẹ́ta mẹ́rin ló yẹ kó jẹ́, nítorí agogo ń lọ. Mo kọjú sí àwọn yòókù, mo pàṣẹ. Mo kọjú sí Ẹ̀gbọ́n.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa sáré lọ sí igun yẹn, tí ẹ bá dé ibẹ̀, ẹ ṣàánú, ẹ yà sósì."

Réfírì fọn fèrè. Àkókò tí wọ́n fún wa láti forí korí ti tán, wọ́n dá wa padà sẹ́yìn.

"Káyọ̀dé," Ẹ̀gbọ́n pa eyín pọ̀ sọ̀rọ̀, "à ń gbá bọ́ọ̀lù, o ń kí mi. Pe orúkọ mi, jàre!"

"Ó ti yé mi, sà. Dà... Ẹ̀gbọ́n Dàpọ̀."

Àwọn òyìnbó ẹgbẹ́ wa rò pé orúkọ àbísọ rẹ̀ ni Ẹ̀gbọ́n. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í pè é bẹ́ẹ̀, títí kan àwọn tó jù ú lọ lọ́jọ́ orí. Kò bínú sí ìyẹn rárá.

Ẹnu ni mo ti ń ṣàṣìṣe tí gbogbo ènìyàn rí. Ọwọ́ ni mo ti ń ṣe èyí tí ẹnikẹ́ni kò rí. Kí bọ́ọ̀lù tó kúrò nílẹ̀, kọ́tábáàkì máa ń fi ọwọ́ ṣe àmì sí ẹni tó wà létí pápá, pé "yí ọ̀nà padà, ìwọ ni mò ń jù ú sí." Ẹni tó wà lọ́tùn-ún, ọwọ́ ọ̀tún. Ẹni tó wà lósì, ọwọ́ òsì. Èyí kò dà mí láàmú rí ní yunifásítì, torí àwọn Kyle àti Jason ni mò ń na ọwọ́ òsì sí, ìyá wọn kò mọ ìyá mi. Ṣùgbọ́n nígbà tí Ẹ̀gbọ́n bá dúró lápá òsì, ọwọ́ òsì mi kì í gbéra. Ta ló ń na ọwọ́ òsì sí àgbà? Ṣe ni mò ń gbé ọwọ́ ọ̀tún kọjá láyà mi, mo fi ń tọ́ka sí i. Bẹ́ẹ̀ ni ara mi á yí díẹ̀. N kò mọ̀ pé mò ń ṣe é. Àwọn kóòṣì wa wo fídíò títí ojú wọn fi pọ́n, wọn kò rí nǹkan kan níbẹ̀.

Ọ̀tá rí i. Ọkùnrin ará Burlington kan tó ń jẹ́ Mark, tí itan rẹ̀ kan ṣoṣo tó èmi lódidi, ṣàkíyèsí pé bí mo bá ti gbé ọwọ́ ọ̀tún kọjá àyà, Ẹ̀gbọ́n ni bọ́ọ̀lù ń lọ bá. Mo kọjú sósì, mo fẹ́ jù ú, ẹ̀yìn mi sì wà fún Mark tó ń bọ̀ láti ọ̀tún. Ìyókù, ojú ọ̀run ni.

Eegun ọrùn mi kan ló fọ́. Wọ́n là mí láti iwájú, wọ́n fi irin pẹlẹbẹ àti ìdè so eegun méjì pọ̀, wọ́n ní kí eegun méjèèjì máa hù títí wọ́n á fi di ọ̀kan. Mọ́mì kò sunkún. Ìyẹn gan-an ló bà mí lẹ́rù, torí wọ́n ti ń yí àwọn tí ara wọn kú padà lórí ibùsùn níbi iṣẹ́ wọn fún ọ̀pọ̀ ọdún, wọ́n mọ ohun tí wọ́n ń wò. Kí wọ́n tó kí mi láràárọ̀, wọ́n á fi èékánná tẹ àtẹ́lẹsẹ̀ mi, wọ́n á máa wo ojú mi.

Mark wá kí mi. Ó ra dónọ́ọ̀tì lọ́wọ́, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà bí ọmọ tó fọ́ àwo.

"Ìwọ lo fẹ́ pa ọmọ mi?" Mọ́mì bi í lédè Gẹ̀ẹ́sì.

"Ma'am, eré ni. Mo tọrọ àforíjì."

"Eré! Jókòó. Ṣé o ti jẹun?"

Ó jẹ ìrẹsì tí wọ́n gbé wá fún mi tán. Níbi ìjẹun yẹn ló ti sọ fún wa bó ṣe mọ̀, ọ̀rọ̀ ọwọ́ ọ̀tún àti àyà. Ẹ̀gbọ́n Dàpọ̀ wà níbẹ̀. Mo rí i tí ojú rẹ̀ yí padà. Mark kò mọ ìdí tí mo fi ń ṣe é, àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tó kù mọ̀ ọ́n. Ẹ̀gbọ́n sin Mark jáde, ó padà wọlé, ó dúró lápá òsì bẹ́ẹ̀dì mi.

"Na ọwọ́ òsì sí mi."

"Ẹ̀gbọ́n, kò ṣeé gbé."

"Mi ò bi ẹ́ bóyá ó ṣeé gbé. Ṣé torí èyí lo fi fẹ́ kú fún mi? Àbúrò rádaràda! Nà án!"

"Dàpọ̀, rọra," Mọ́mì wí.

"Mọ́mì, ẹ má bínú. Ó máa nà án."

Ó ń sunkún, ó sì ń bú mi. Mo tẹjú mọ́ ọwọ́ náà, mo fi gbogbo ohun tó kù nínú mi ránṣẹ́ sí i. Ọmọ ìka kékeré gbéra. Kò ga, ó tó kí eṣinṣin gba abẹ́ rẹ̀ kọjá. Mọ́mì pariwo Jésù débi pé nọ́ọ̀sì sáré wọlé.

Ara padà díẹ̀díẹ̀ lẹ́yìn náà, ọwọ́, ìka, ẹsẹ̀, gbogbo rẹ̀. Mo rìn jáde ní ọsibítù. Ṣùgbọ́n eegun méjèèjì kọ̀, wọn kò di ọ̀kan. Dókítà tó là mí, obìnrin tí kì í fi oyin sí ọ̀rọ̀, fi àwòrán hàn wá.

"Àlàfo ṣì wà níbí. Bí kò bá dí, a máa ní láti gba ẹ̀yìn wọlé. Ti ẹ̀yìn yẹn, mi ò lè ṣèlérí ẹsẹ̀ rẹ fún ọ."

"Kí ni kí n ṣe kó tó dí?"

"Má ṣubú."

Má ṣubú, ní Toronto, nígbà òtútù! Mo ra bàtà tó ní ìṣó nísàlẹ̀. Mò ń rìn bí pẹ́pẹ́yẹ tó lóyún. Bí mo bá fẹ́ sín, ọwọ́ méjèèjì ni mo fi ń di ọrùn mú. Ọkùnrin tí àwọn èrò ń kọrin fún ń bẹ̀rù ilẹ̀ báfúrọ́ọ̀mù. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, pásítọ̀ kan tí wọ́n pè wá láti ibòmíràn ní ẹ̀mí sọ fún òun pé kí òun gbé ọwọ́ lé mi lórí. Mo ti rí bó ṣe ń gbé ọwọ́ lé àwọn ènìyàn: wọ́n ń lọ sẹ́yìn bí igi tí wọ́n gé, àwọn ọmọkùnrin méjì ló sì ń gbá wọn mú.

"Pásítọ̀, ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ gbàdúrà láti ibẹ̀ yẹn."

"Arákùnrin, níbo ni ìgbàgbọ́ rẹ wà?"

Mọ́mì ti dìde. Wọ́n fi báàgì ọwọ́ wọn dí àárín wa.

"Ó wà lókè, sà. Ọrùn ló wà nísàlẹ̀. Ẹ má fọwọ́ kàn án."

Ìgbà òtútù kan lọ, òmíràn dé. Àwòrán lórí àwòrán, dókítà a sì máa mirí. Mo dẹ́kun bíbéèrè nípa bọ́ọ̀lù. Ẹsẹ̀ mi nìkan ni mò ń tọrọ.

Lọ́jọ́ tí mò ń wí yìí, dókítà pẹ́ kó tó dé. Sáńwíìṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó jókòó, ó wo kọ̀ǹpútà, ó gbé sáńwíìṣì sílẹ̀. Mọ́mì di ẹ̀wù mi mú.

"Ó ti di ọ̀kan," ó wí.

"Gbogbo rẹ̀?"

"Gbogbo rẹ̀. Eegun olórí kunkun ni, ṣùgbọ́n ó ti di ọ̀kan."

"Ẹ ò ní gba ẹ̀yìn mọ́?" Mọ́mì béèrè.

"Mi ò ní nǹkan tí mo fẹ́ wá lọ síbẹ̀, Ma'am."

Mo béèrè nípa bọ́ọ̀lù, kí wọ́n má baà ní n kò béèrè.

"Rárá," ó wí. "Láéláé."

Mo ṣe bí ẹni tí inú rẹ̀ bàjẹ́. Ní tòótọ́, bí ó bá ti ní bẹ́ẹ̀ ni, ǹ bá bẹ́ sílẹ̀ láti ojú fèrèsé.

Ní ibi tí wọ́n gbé mọ́tò sí, Mọ́mì na kọ́kọ́rọ́ sí mi. Àwọn ló ti ń fi mọ́tò gbé mi káàkiri láti ìgbà tí mo ti ṣubú.

"Ìwọ lo máa wa mọ́tò délé. Ó ti rẹ̀ mí."

Mo jókòó, mo ṣáná sí i. Mo fẹ́ fi ẹ̀yìn jáde. Mo rọra yí ọrùn, díẹ̀, sí i, sí i, títí mo fi rí ìjókòó ẹ̀yìn, títí mo fi rí gíláàsì, àti ojú ọ̀nà lẹ́yìn rẹ̀.

"Kí lo rí?" Mọ́mì béèrè.

"Kò sí ẹni tó ń bọ̀," mo dá wọn lóhùn.