Dúrọ́ọ̀mù Fótókópì Tó Wọ Iná Ayọ́rin

Èékánná mi ni Ọ̀gá Ìdírísù kọ́kọ́ wò lọ́jọ́ tí mo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀. Kò bèèrè ìwé ẹ̀rí, kò sì bèèrè ọmọ ta ni mí, torí ó mọ bàbá mi dáadáa. Ará Ògbómọ̀ṣọ́ làwọn méjèèjì, ọjà Tamale ní Gánà ni bàbá mi sì ti ń ta aṣọ láti ìgbà tí n kò tíì dáyé. Ọ̀gá ní kí n na ọwọ́ méjèèjì síwájú. Ó yí wọn síhìn-ín sọ́hùn-ún, ó ní:

"Ràfíátù, lọ gé èékánná yìí wá. Ohun tí à ń tọ́jú níbí, bí èékánná bá họ ọ́ pẹ́nrẹ́n, ó parí nìyẹn."

Àwọn ọdún 1980 ti kọjá ìdajì nígbà náà. Mo ti parí ilé ìwé, mo mọ ìwé tẹ̀, bàbá mi sì fẹ́ kí n wá jókòó ti ìsọ̀ aṣọ. Mo kọ̀. Ẹ̀rọ fótókópì kò pọ̀ ní Tamale; àwọn ọ́fíìsì ńlá, ilé ìwé díẹ̀ àti ilé àwọn míṣọ́nnárì ló ní in. Ọ̀gá, tó kọ́ṣẹ́ ní Kàdúná kó tó padà wá sí Tamale, ló ń tún gbogbo wọn ṣe. Ó tún ní ẹ̀rọ kan ní ṣọ́ọ̀bù tí a fi ń ṣe ẹ̀dà ìwé fún aráàlú.

Ọkàn ẹ̀rọ ayé ìgbà náà ni nǹkan roboto kan, gígùn rẹ̀ tó apá ọmọdé, tí à ń pè ní dúrọ́ọ̀mù. Alumíníọ̀mù ni, ṣùgbọ́n wọ́n fi sẹlẹ́níọ̀mù kùn ún lára, fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ bí èèpo àlùbọ́sà, ó ń dán bíi dígí dúdú. Sẹlẹ́níọ̀mù yìí kì í gbé iná mànàmáná kiri bíi wáyà bàbà, kì í sì í dènà iná bíi rọ́bà. Àárín àwọn méjèèjì ló wà. Nínú òkùnkùn, iná tí a bá fi sí i lára, yóò dì í mú. Bí ìmọ́lẹ̀ bá kàn án, yóò jọ̀wọ́ iná náà. Ibi tí ìwé bá funfun, ìmọ́lẹ̀ á ta padà sára dúrọ́ọ̀mù, iná ibẹ̀ á lọ. Ibi tí lẹ́tà dúdú bá wà, iná á dúró, ìyẹ̀fun dúdú tí à ń pè ní tónà á sì lẹ̀ mọ́ ọn, á ti ibẹ̀ bọ́ sórí ìwé tuntun. Bí ìwé ṣe ń bí ìwé nìyẹn.

Ooru ni ọ̀tá rẹ̀, ta ló sì lè sá fún ooru ní Tamale? Mo bi Ọ̀gá ìdí rẹ̀ lọ́jọ́ kan tí a ti ìrun Jímọ̀ dé.

"Bí àwọn èèyàn ṣe dúró ní mọ́sálásí lónìí, ejìká sí ejìká, ẹsẹ̀ sí ẹsẹ̀," ó ní, "ṣé o rí i? Wọ́n tò. Wá wo inú ọjà: kálukú dúró bó ṣe wù ú. Bí ọjà ni inú dígí ṣe rí. Bẹ́ẹ̀ náà ni sẹlẹ́níọ̀mù wa rí. Aláìtò ni."

"Ọ̀gá, èwo ló wá dáa?"

"Níwájú Ọlọ́run, kí a tò ló dáa. Lára dúrọ́ọ̀mù, ọjọ́ tó bá tò ló kú."

Bí oòrùn oṣù Máàṣì bá mú, tí inú ẹ̀rọ sì gbóná, sẹlẹ́níọ̀mù á bẹ̀rẹ̀ sí í tò ní kúlúkúlú. Ibi tó bá ti tò kò lè di iná mú mọ́, tónà kò sì ní lẹ̀ mọ́ ọn. Lẹ́tà á wá máa ní ihò funfun. Ọkùnrin kan ṣe ìwé ìpè ìgbéyàwó lọ́dọ̀ wa. Màríámà ni ìyàwó ń jẹ́, àmọ́ dúrọ́ọ̀mù jẹ àárín orúkọ náà lọ, "Mama" ló kù. Ó gbé ìwé náà dé, ó ní, "Ràfí, ẹ jọ̀ọ́, ta ni ẹ ní mò ń fẹ́ yìí?" Ọ̀gá rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. A tún un ṣe fún un lọ́fẹ̀ẹ́ lówùúrọ̀ ọjọ́ kejì, kí ilẹ̀ tó gbóná.

Ohun kan wà tí Ọ̀gá kì í fi ṣeré. Bó bá ti yọ dúrọ́ọ̀mù tó ti kú, á fi aṣọ wé e, á gbé e sínú àpótí títí ọkọ̀ àwọn tó ń kó ẹ̀rọ wá láti Accra á fi wá gbà á. Ó ní májèlé ni. Wọ́n tún máa ń po àsẹ́nìkì, tí òun náà jẹ́ májèlé, mọ́ òmíràn kó lè fara da ooru. Àtifọwọ́kàn kò léwu tó bẹ́ẹ̀, ó ní, ṣùgbọ́n kí iná má rí i láé.

Ọ́fíìsì kan wà tó jẹ́ oníbàárà wa tó tóbi jù. Ẹ̀rọ wọn pọ̀, àwọn ló sì ń bọ́ wa. Gbogbo ìgbà tí a bá pààrọ̀ dúrọ́ọ̀mù níbẹ̀, Ọ̀gá máa ń bẹ̀ wọ́n pé kí òun kó ògbólógbòó rẹ̀ lọ. Sìtókípà wọn, ẹni tó ń ṣọ́ yàrá ẹrù, a ní ẹrù ọ́fíìsì kò gbọdọ̀ jáde. Ọ̀gá a sọ fún un pé kó má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sun ún. Ọkùnrin náà a ní òun ti gbọ́.

Àwọn tó ń yọ́ alumíníọ̀mù láti fi dá ìkòkò wà ní àdúgbò Gurugu. Yàkúbù jẹ́ ọ̀kan lára wọn, ọmọ ẹ̀yà Dàgọ́mbà, ọ̀dọ́mọkùnrin tó taagun. Ó máa ń so ìkòkò mọ́ ẹ̀yìn kẹ̀kẹ́ rẹ̀ títí ìkòkò á fi ga jù ú lọ. Bó bá ń kọjá níwájú ṣọ́ọ̀bù wa, á kígbe ní Yorùbá díẹ̀ tó mọ̀: "Ẹ kú iṣẹ́ o, ìyàwó mi!" Èmi náà á dá a lóhùn pé, "Ẹ kú oṣù mẹ́ta o, ọkọ tí kì í mú owó wálé!" Ọ̀gá á ní kí n dákẹ́, kí n má fi ọmọ ọlọ́mọ ṣẹ̀sín.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan nínú ọ̀gbẹlẹ̀, ọkùnrin kan sáré gun kẹ̀kẹ́ wọ iwájú ṣọ́ọ̀bù. Hausa ló fi ń pariwo. Ó ní àwọn ju irin kan sínú iná, èéfín pupa jáde, ẹnikẹ́ni kò lè mí mọ́, ẹnì kan sì ní irin náà jọ èyí tó wà nínú àwọn ẹ̀rọ Ọ̀gá. Ọ̀gá kò dúró wọ bàtà. Ẹ̀yìn kẹ̀kẹ́ ọkùnrin yẹn ló fò gùn, mo sì gbé kẹ̀kẹ́ tèmi tẹ̀ lé wọn.

Òórùn rẹ̀ ni mo kọ́kọ́ pàdé. Ó jọ áyù tó ti jẹrà, ó ń ta ojú, ó ń ta ọ̀nà ọ̀fun. Àwọn ènìyàn dúró lókèèrè, wọ́n fi aṣọ bo imú. Yàkúbù nìkan ló wà níbi ìléru, ó ń gbìyànjú láti fi ọ̀pá irin wọ́ àwọn dúrọ́ọ̀mù tó kù jáde, nítorí àgbàlagbà kan, ọ̀gá wọn tí wọ́n ń pè ní Afa Abúkárì, ti ṣubú sẹ́gbẹ̀ẹ́ iná, kò sì ṣeé gbé tí èéfín yẹn bá ń pọ̀ sí i. Ọ̀gá Ìdírísù ki orí bọ inú èéfín. Mo pariwo orúkọ rẹ̀. Òun àti Yàkúbù jọ wọ́ bàbá náà jáde, Yàkúbù sì tún padà lọ da yẹ̀pẹ̀ bo iná. A kò lè dá a dúró.

Nígbà tí Yàkúbù jáde, ó jókòó sábẹ́ igi, ó ń wúkọ́, ó rí mi, ó rẹ́rìn-ín. "Ìyàwó mi," ó ní. A fún un lómi. Ó dà bí ẹni pé ewu ti fò ó. Afa Abúkárì ni gbogbo wa ń sunkún lé lórí.

Ṣùgbọ́n nígbà tí a gbé àwọn méjèèjì àti Ọ̀gá dé ọsibítù, Afa ló ń gbádùn díẹ̀díẹ̀. Yàkúbù ni èémí rẹ̀ ń kúrú. Dókítà jẹ́ onísùúrù. Ó bi Ọ̀gá léèrè ohun tó wà lára irin náà, Ọ̀gá sì ń sọ fún un láàárín ikọ́. Dókítà mi orí.

"Omi ti ń kún ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀," ó ní. "N kò ní oògùn tó ń pa oró yìí. Afẹ́fẹ́ tí mo ní ni mo fi sí i nímú yẹn."

Yàkúbù kú kí oòrùn ọjọ́ kejì tó yọ. Ọ̀gá wà lórí bẹ́ẹ̀dì kejì sí tirẹ̀, ojú rẹ̀ ni ó ṣe.

Ọjọ́ tí wọ́n jẹ́ kí Ọ̀gá kúrò ní ọsibítù ni máníjà ọ́fíìsì ńlá yẹn ránṣẹ́ pè é. Èmi ni mo dì í lápá mú wọlé, torí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò tíì ranlẹ̀. Àwọn ọlọ́pàá ti ń bèèrè ibi tí dúrọ́ọ̀mù náà ti wá. Sìtókípà ti kó gbogbo èyí tó wà nínú sìtóò fún àwọn ayọ́rin nígbà tí wọ́n ń palẹ̀ ibẹ̀ mọ́.

"Ọ̀gbẹ́ni Ìdírísù," máníjà ní, "ìwọ ni àwọn ọlọ́pàá máa bi. Ẹ̀rọ pọ̀ ní ìlú yìí. Irin ò lórúkọ."

"Ó lórúkọ, sà," Ọ̀gá dáhùn. "Ó ní nọ́ńbà nínú. Èmi ni mo gbé e wọ inú ẹ̀rọ yín."

"Ṣé o fẹ́ kí a máa bá iṣẹ́ wa lọ pẹ̀lú rẹ?"

Ọ̀gá wúkọ́ títí. Mo rò pé ó ń wá ọ̀nà àtigbà ni. Ó wá ní, "Mo fẹ́ bẹ́ẹ̀, sà. Àmọ́ n kò lè purọ́ mọ́ òkú."

Nígbà tí a jáde, mo bínú sí i. Mo ní, "Ọ̀gá, kí la ó máa jẹ? Bí ẹ bá sọ ọ́, ṣé Yàkúbù á jí ni?" Ó ní kí n mú òun lọ sí àdúgbò Vittin, sílé ìyá Yàkúbù.

A bá obìnrin náà lórí ẹní láàárín àwọn obìnrin mìíràn. Ọ̀gá jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níwájú rẹ̀, ó sì fi Hausa ṣàlàyé fún un ohun tí irin náà jẹ́, ọ́fíìsì tó ti wá, àti pé òun mọ̀ pé májèlé ni, òun kìlọ̀, ṣùgbọ́n òun kò rí i kó kúrò níbẹ̀. Ó ní ọmọ rẹ̀ wọ iná lẹ́ẹ̀kejì kí àwọn yòókù lè yè. Àwọn obìnrin kan bẹ̀rẹ̀ sí í ṣépè. Ìyá Yàkúbù gbé ọwọ́ sókè, wọ́n dákẹ́.

"Wọ́n ti wá sọ fún mi pé èṣù ló wà nínú iná," ó ní. "Wọ́n ní kádàrá ni. Kádàrá ni lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ìwọ nìkan ló sọ ohun tó pa á fún mi." Kò sọ pé òun dárí jì wá. Ó ní ká máa lọ.

Ọ̀gá sọ ohun kan náà fún ọlọ́pàá. Ẹjọ́ náà rá sáàárín ọ̀nà, ọ́fíìsì náà sì gbé iṣẹ́ wọn fún ẹlòmíràn láti Kumasi. Ọdún yẹn le fún wa ju bí mo ṣe lè sọ lọ. Síbẹ̀, gbogbo ọjọ́ tí ara Ọ̀gá bá gbé e, à ń lọ láti ọ́fíìsì dé ọ́fíìsì, à ń bẹ̀ wọ́n fún ògbólógbòó dúrọ́ọ̀mù. Ẹ̀yìn ilé rẹ̀ ní àdúgbò Kpalsi la gbẹ́ kòtò sí, a kó wọn sínú rẹ̀, a fi símẹ́ńtì bò ó. Àwọn kan rò pé orí rẹ̀ ti yí.

Oró náà ti wọ Ọ̀gá lára: èékánná rẹ̀ ń re lọ́kọ̀ọ̀kan, irun orí rẹ̀ náà ń re. Ìyàwó rẹ̀ sọ fún mi pé áyù ni ẹnu rẹ̀ ń rùn, òun kò sì fi áyù sebẹ̀. Ọ̀gá gbé ikọ́ náà kiri títí di ọdún kejì. Nígbà tí kò lè dìde mọ́, ó ní kí n gbé àga sí ẹ̀gbẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ó ń sọ fún mi bí a ṣe ń tún ohun tí n kò tíì mọ̀ ṣe. Àárín ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ló sùn, tí kò jí mọ́.

Èmi ni mo ń bá ṣọ́ọ̀bù náà lọ. Ní àwọn ọdún 1990, dúrọ́ọ̀mù tuntun tí kò ní sẹlẹ́níọ̀mù bẹ̀rẹ̀ sí í dé, àmọ́ ẹ̀rọ àtijọ́ ni mo ṣì ní. Nínú ooru ọdún kan, obìnrin àgbà kan wọlé, ó tú kókó etí aṣọ rẹ̀, ó yọ fọ́tò kékeré kan jáde. Ìyá Yàkúbù ni. Fọ́tò ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo tó ní nìyẹn, ó sì ti ń ṣá. Àwọn àbúrò Yàkúbù fẹ́ lọ máa gbé ní Accra, ó fẹ́ kí olúkúlùkù wọn mú ọ̀kan dání.

"Ṣé ẹ̀rọ yìí ni irú irin yẹn wà nínú rẹ̀?" ó bèèrè.

Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá. Bí ẹ kò bá fẹ́ kí n lò ó, ó yé mi."

Ó wo ẹ̀rọ náà pẹ́. "Ṣe é," ó ní.

Mo ṣe ọ̀kan. Ooru ti ba dúrọ́ọ̀mù jẹ́. Ihò funfun kan wà ní ojú Yàkúbù, òmíràn ní ẹnu rẹ̀. N kò jẹ́ kó rí i. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó padà wá lẹ́yìn ìrun àsùbáà, nígbà tí ilẹ̀ ṣì tutù. Kí ó tó dé, mo ti fi òwú nu dúrọ́ọ̀mù náà, mo yí i wò pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ títí mo fi rí ibi tí kò tíì tò, mo sì to fọ́tò náà síbi tí ojú ọmọ yẹn á fi bọ́ sí i.

Ìwé àkọ́kọ́ jáde, ó ṣì gbóná. Ojú Yàkúbù pé, ẹ̀rín rẹ̀ pé. Ìyá rẹ̀ gbà á, ó gbé e lé ẹ̀rẹ̀kẹ́.

"Ó gbóná," ó ní. "Ó gbóná bí ara rẹ̀."